Ènìyàn Mẹ́tàdínlógún Nínú Yàrá Méjì

Bí ẹ bá wọ tram ní Padova lọ́jọ́ Sátidé, tí ẹ rí ọkùnrin kan tó gbé àga onítìmùtìmù pupa dání, tó gé biglietto, ìwé ọkọ̀, méjì, ọ̀kan fún ara rẹ̀, ọ̀kan fún àga, ẹ má bẹ̀rẹ̀ sí í sún kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Orí rẹ̀ pé. Nàfíù ni wọ́n ń pè é. Àga tó sì gbé yẹn, àga Olóyè Adésànmí Dúrójayé ni, Alága Ẹgbẹ́ Ìṣọ̀kan Ọmọ Káàárọ̀-Oòjíire, ẹ̀ka Padova. Olóyè kì í jókòó sórí àga ẹlòmíràn. Ó ní àga àwọn òyìnbó kò mọ irú ìdí tó ń bọ̀ wá bá a.

Oyè rẹ̀ kò mọ síbẹ̀. Ó tún ń jẹ́ Cavaliere, oyè tí ìjọba Ítálì fi ń dá ẹni ńlá lọ́lá. Bó ṣe di Cavaliere nìyí: comune, ìjọba ìlú, ké sí àwọn ará àdúgbò pé kí wọ́n wá gbin igi, wọ́n sì fún gbogbo ẹni tó wá ní ìwé ìdúpẹ́ kọ̀ọ̀kan, títí kan ọmọ ọdún márùn-ún kan tó ń sunkún. Olóyè fi férémù sí tirẹ̀, ó gbé e kọ́ sí pálọ̀, ó sì kéde ní ìpàdé pé ìjọba Ítálì ti fi òun joyè. Àwọn ènìyàn dìde, wọ́n pàtẹ́wọ́. Ẹ óò bi mí pé ṣé wọn ò mọ̀ ni. Wọ́n mọ̀. Nàfíù gan-an wà nídìí igi yẹn, òun ló gbẹ́ ihò.

Kí ló wá dé tí wọ́n ń pàtẹ́wọ́? Residenza ni.

Ní ìlú yìí, ilé tí ìjọba bá kọ orúkọ ẹni sí pé ibẹ̀ ló ń gbé ni residenza. Ẹni tí kò bá ní in, ó lè ga bí òpó iná, ìjọba ò rí i. Kò ní dókítà, kò sì lè sọ permesso, ìyẹn ìwé ìgbélùú rẹ̀, dọ̀tun. Ibẹ̀ ni Olóyè ti rí ọ̀nà. Ó háyà ilé yàrá méjì kan ní Arcella, ní àjà kejì. Láàárín ọdún mẹ́fà, ó ń mú àwọn ènìyàn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan lọ sí anagrafe, ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń kọ orúkọ ará ìlú, á ní ọ̀dọ̀ òun ni wọ́n ń gbé. Nígbà tí vigile, ọlọ́pàá ìlú, bá wá yẹ ilé wò, ẹni tuntun á ti wà ní pálọ̀, á ti wọ sìlípáàsì, á máa fi tíì jẹ búrẹ́dì bí ẹni tí wọ́n bí síbẹ̀. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yìí fi ṣẹlẹ̀, ènìyàn mẹ́tàdínlógún ni ìjọba mọ̀ sí yàrá méjì yẹn. Àwọn tó ń sùn níbẹ̀ lóòótọ́ kò ju mẹ́ta lọ: Olóyè, Sìkírátù ìyàwó rẹ̀, àti Tíolúwaní ọmọ wọn, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún tó jẹ́ pé èdè Ítálì ló fi ń dá bàbá rẹ̀ lóhùn.

Ẹ má rò pé Olóyè ń gbowó. Mi ò ní parọ́ mọ́ ọn, kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ìyìn ló ń gbà. Ìyìn sì le ju owó lọ, torí owó, èèyàn lè san án tán.

Lẹ́tà gbogbo wọn, ilé rẹ̀ ló ń wá. Kò ní kàn pè ọ́ pé wá gba lẹ́tà rẹ. Ó di ọjọ́ ìpàdé, lẹ́yìn àdúrà, lẹ́yìn orin ẹgbẹ́, lẹ́yìn ọ̀rọ̀ Alága. Ẹni tí lẹ́tà rẹ̀ dé á dìde. Ọkùnrin á dọ̀bálẹ̀, obìnrin á kúnlẹ̀. Olóyè á gbé àpò-ìwé náà sókè síbi iná bí ẹni tó ń wò bóyá ẹyin ti bàjẹ́, á ní, "Ìjọba kọ̀wé sí ọ, nípasẹ̀ mi." Bí ọ̀rọ̀ Alága bá gùn, lẹ́tà á di oṣù tó ń bọ̀. Ọ̀rọ̀ Alága kò sì kúrú rí.

Ìfẹ́táyọ̀ ni akọ̀wé ẹgbẹ́. Irun ló ń dì ní ṣọ́ọ̀bù kan lẹ́bàá ibùdókọ̀ ojú irin. Kò kàwé lọ títí, ṣùgbọ́n èdè Ítálì yọ̀ mọ́ ọn lẹ́nu, torí ẹni tó bá ń di irun fún wákàtí mẹ́rin á gbọ́ gbogbo ohun tó wà láyé. Òun náà wà lára àwọn mẹ́tàdínlógún. Yàrá kan ló ń gbé lọ́dọ̀ opó arúgbó kan tí wọ́n ń pè ní Nonna Ines, ó ti pé ọdún méjì níbẹ̀, ṣùgbọ́n orúkọ rẹ̀ wà ní ilé Olóyè. Olóyè ti sọ fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ pé, "Kò sí òyìnbó tó máa fọwọ́ síwèé fún ọ láyé yìí. Èmi nìkan lo ní." Ìfẹ́táyọ̀ gbà á gbọ́, kò sì bi arúgbó náà léèrè rí. Permesso rẹ̀ máa tó parí. Questura, ọ́fíìsì ọlọ́pàá tó ń ṣe permesso, ti fún un ní ọjọ́: ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n oṣù kọkànlá. Bí ohunkóhun bá ṣe orúkọ rẹ̀ ní ilé yẹn ṣáájú ọjọ́ náà, ọdún mẹ́fà tó ti fi dúró láti òwúrọ̀ di ìrọ̀lẹ́ nídìí irun àwọn ènìyàn á di asán.

Oṣù kẹsàn-án ni lẹ́tà wá láti biblioteca àdúgbò, ilé ìkàwé. Wọ́n ní obìnrin kan, Livia Zanellato, akọ̀wé kóòtù tó ti fẹ̀yìntì, ti kọ giallo kan, wọ́n sì fi ẹ̀dà rẹ̀ kan ránṣẹ́. Ìwé ìtàn ọ̀daràn ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ níbẹ̀. Wọ́n ní àárín àwa ọmọ Nàìjíríà ní Padova ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, pé àwọn fẹ́ kí ẹgbẹ́ wá bá àwọn jíròrò lé e lórí lọ́jọ́ Sátidé àkọ́kọ́ oṣù kọkànlá. Wọ́n ní assessore, ọmọ ìgbìmọ̀ tó ń rí sí àṣà nílùú, á wà níbẹ̀.

Olóyè kò gbọ́ ìyókù. Assessore ló gbọ́. Ó ti tó ọdún mẹ́ta tó ti ń wá àyè sí ìgbìmọ̀ àwọn àlejò tó ń gba comune nímọ̀ràn, ẹni tó sì lè fi orúkọ rẹ̀ síbẹ̀ nìyí.

"Wá ka ìwé náà fún mi," ó sọ fún Ìfẹ́táyọ̀.

Ìfẹ́táyọ̀ jókòó sí pálọ̀ wọn, ó ń kà á, ó ń túmọ̀ rẹ̀. Ó dé ojú ìwé kọkànlá: "Ọkùnrin náà wọ agbádá funfun tó ń gbá ilẹ̀ ibùdókọ̀. Fóònù mẹ́ta ló wà lọ́wọ́ rẹ̀. Gbogbo ẹni tó ń kọjá ló ń tẹrí ba fún un, òun náà sì ń gba ìkíni wọn bí ẹni tó ń gba owó-orí."

Olóyè na ọwọ́ sókè. "Tún un kà."

Ó tún un kà.

"Lẹ́ẹ̀kan sí i, kó o rọra. Sìkírátù, fi ọbẹ̀ yẹn sílẹ̀ kó o wá gbọ́. Wọ́n ti kọ mí."

"Papà, ma è un giallo," Tíolúwaní sọ láìgbójú sókè nídìí fóònù rẹ̀. Ìwé ọ̀daràn ni, bàbá.

"Mo gbọ́. Ibi tí ọ̀daràn bá wà, ẹni ńlá gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ tí yóò mú un. Ta ni yóò mú un, tí kì í bá ṣe èmi?"

"Olóyè sà, ojú ìwé igba ó lé ogójì ló wà ńbẹ̀. Mọ́kànlá la ṣẹ̀ṣẹ̀ kà."

"Ó tó. Ẹni tó bá jẹ iyán kò ní jẹ ìkòkò. Fún mi." Ó gba ìwé náà, ó gbé e kalẹ̀ sábẹ́ férémù Cavaliere, kò sì ṣí i mọ́.

Ṣùgbọ́n Nonna Ines ra ẹ̀dà tirẹ̀. Gbogbo àwọn ìyá àgbà àdúgbò ló ń kà á, wọ́n máa ń pàdé ní biblioteca lọ́jọ́ Tọ́sìdé láti bá ara wọn jà lórí ẹni tó pa ènìyàn. Ìfẹ́táyọ̀ yá a. Ó ń kà á nínú tram, ó ń kà á tí oníbàárà bá wà lábẹ́ ẹ̀rọ ìgbẹrun, ìwé àkọ́kọ́ tó máa kà tán láti ìgbà tó ti kúrò níléèwé sì nìyẹn.

"Kí ló dé tí ẹ fẹ́ràn ìtàn òkú báyìí, Nonna?" ó bi í bí wọ́n ṣe ń gé ẹ̀fọ́ fẹ̀nẹ̀lì ní kíṣìnì.

"Kì í ṣe òkú là ń wá, Tayo. Ìwé ìròyìn á sọ ẹni tó kú fún ọ. Bó o bá fẹ́ mọ ẹni tí ikú náà ṣe láǹfààní, giallo ni kó o kà. Ti Torino ń sọ bí wọ́n ṣe ti ilé-iṣẹ́ pa, ti Bologna ń sọ ti àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n. Òkú yẹn, kọ́kọ́rọ́ lásán ni. Ilé tó ṣí ni kó o wò."

Ilé tí ìwé yìí ṣí, ẹ̀rù ba Ìfẹ́táyọ̀ nígbà tó wọ inú rẹ̀. Wọ́n rí òkú ọ̀dọ́mọkùnrin kan nínú ilé-iṣẹ́ tí wọ́n ti pa tì. Ọlọ́pàá obìnrin kan lọ sí ilé tí ìjọba mọ̀ sí tirẹ̀. Ó bá orúkọ méjìlélógún lẹ́nu ọ̀nà, bẹ́ẹ̀dì méjì nínú ilé. Ó ṣí dúrọ́ọ̀ kan, ó bá lẹ́tà níbẹ̀ rẹpẹtẹ. Ọ̀kan nínú wọn ni ilé ìwòsàn fi pe ọmọkùnrin náà pé kó wá kí wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ ọkàn fún un. Lẹ́tà náà ti pé oṣù mẹ́rin. Alágbádá inú ìwé kò fọwọ́ kan ẹnikẹ́ni. Dúrọ́ọ̀ rẹ̀ ló pa ọmọkùnrin náà. Ní ojú ìwé tó kẹ́yìn, wọn ò mú un. Wọ́n fi í jẹ oyè ní comune.

Ìfẹ́táyọ̀ pa ìwé dé. Bí Olóyè bá dìde níwájú àwọn ìyá àgbà yìí tó ní òun ni alágbádá, wọ́n á bi í ní iye ẹni tó ń gbé ilé rẹ̀. Bí wọ́n bá kà wọ́n, orúkọ òun á lọ. Ó gbọ́dọ̀ sọ fún un.

Sísọ rẹ̀ kọ́ ló ṣòro, òfin ni. Òfin kẹrin ẹgbẹ́ sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ gbé ọ̀rọ̀ kíkorò wá síwájú Alága láìṣe pé ó ti kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ dídùn mẹ́ta. Olóyè fúnra rẹ̀ ló ṣe òfin náà, lẹ́yìn tí ẹnì kan sọ fún un pé bàtà rẹ̀ ń já.

Ní ìpàdé oṣù kẹwàá, Ìfẹ́táyọ̀ dìde.

"Olóyè sà, àkọ́kọ́, aṣọ yín lónìí tàn."

"Ó tàn," ni gbogbo ilé wí.

"Èkejì, àwọn ẹ̀ka ẹgbẹ́ wa ní Torino, Mestre, Bologna àti Pordenone ti fèsì. Wọ́n ní àwọn ń bọ̀ wá wo bí òyìnbó ṣe kọ oríkì yín."

Olóyè dì mú apá àga rẹ̀ méjèèjì.

"Ẹ̀kẹta, biblioteca ní assessore ti béèrè orúkọ yín, bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ gan-an."

Ẹ wò ó, ẹ̀kẹta yẹn ló bà á jẹ́. Olóyè dìde, omi ayọ̀ ti kún ojú rẹ̀. Ó gbàdúrà fún Ítálì, ó gbàdúrà fún assessore àti ìyá tó bí i, ó gbàdúrà fún ẹni tó dá bírò sílẹ̀. Nígbà tó ṣe àmín, ọjọ́ ti lọ, ó ní ìpàdé ti parí. Wọn ò pín lẹ́tà. Ìfẹ́táyọ̀ ṣì wà lórí ìdúró, ọ̀rọ̀ kẹrin wà lẹ́nu rẹ̀ bí egungun ẹja.

Nàfíù ń ká àga. "Anti akọ̀wé, jókòó. Mo mọ̀ pé kíkorò ló wà lẹ́nu rẹ, ojú rẹ ń sọ ọ́. Jọ̀wọ́ gbé e mì. Ó ṣẹ́ ku lẹ́tà kan péré tí mò ń dúró dè, ìwé àṣẹ tí màá fi mú ìyàwó mi wá. Má jẹ́ kí inú Bàbá ru."

"Ìgbà wo lo kọ̀wé béèrè?"

"Oṣù kìíní."

Sátidé àkọ́kọ́ oṣù kọkànlá pé. Livia Zanellato dé ní agogo mẹ́rin pẹ̀lú bàtà òjò lẹ́sẹ̀, ó rò pé ènìyàn méjìlá lòun máa bá. Ó bá ọgọ́fà. Ó bá bánà. Ó bá tábìlì gígùn tí wọ́n ti kọ orúkọ sí níwájú àga kọ̀ọ̀kan: Alága Ọjọ́, Bàbá Ọjọ́, Ìyá Ọjọ́, Olùfilọ́lẹ̀ Àgbà, Olùrànwọ́ Olùfilọ́lẹ̀ Àgbà. Ìjíròrò ni wọ́n pè é sí, Olóyè ti sọ ọ́ di ìfilọ́lẹ̀ ìwé bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé. Alága Ọjọ́, Bàbá Ọjọ́ àti Olùfilọ́lẹ̀ Àgbà, òun kan náà ni. Obìnrin tó kọ ìwé kò rí orúkọ tirẹ̀ lórí tábìlì. Wọ́n wá àga oníke kan fún un ní ẹ̀gbẹ́, lẹ́bàá ẹ̀rọ ìpaná.

Ìfẹ́táyọ̀ bá Olóyè lẹ́nu ọ̀nà. "Sà, mo bẹ̀ yín, ẹ gbọ́ mi ní ìṣẹ́jú kan. Ẹni inú ìwé yẹn, kò dára kí ẹ..."

"Mélòó ni dídùn tó o ti sọ?"

"Sà..."

"Mo mọ̀ pé o máa ń jowú, gbogbo ẹni tó bá kéré máa ń jowú. Permesso rẹ ń parí lóṣù yìí, àbí? Ìlà bírò kan ṣoṣo ni orúkọ rẹ nínú ilé mi. Lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, kó o túmọ̀ ohun tí mo bá sọ. Má fi kún un, má yọ níbẹ̀."

Obìnrin òǹkọ̀wé ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, ìṣẹ́jú márùn-ún péré ni wọ́n fún un. Ó ní ogún ọdún lé mẹ́jọ lòun fi kọ ohun tí àwọn adájọ́ ń sọ sílẹ̀, pé ohun tí wọn ò sọ ló ń dun òun. "Ní orílẹ̀-èdè yìí," ó wí, "a kì í mú ẹni ńlá nínú ìwé wa. Ẹ óò bi mí pé kí ló dé. Bí mo bá kọ ọ́ pé wọ́n mú un, ta ni yóò gbà mí gbọ́?" Àwọn ìyá àgbà rẹ́rìn-ín. Assessore, ọkùnrin kan tó wọ kóòtù aláwọ̀ aró, rẹ́rìn-ín ju ẹnikẹ́ni lọ, ó sì wo aago rẹ̀.

Olóyè bá dìde. Èdè Yorùbá ló fi sọ̀rọ̀, ó ní èdè Ítálì kò gba ọ̀rọ̀ tó bá tóbi.

"Ẹ̀yin ènìyàn pàtàkì, ẹ̀yin tí ẹ ò ṣe pàtàkì náà, gbogbo yín ni mo kí. Odò kì í kí ara rẹ̀ pé òun kún, ẹni tó fẹ́ pọn ni yóò sọ. Obìnrin yìí wá pọn omi, ó rí mi. Ẹ ṣí ojú ìwé kọkànlá. Agbádá funfun yẹn, ẹ wò ó lọ́rùn mi. Fóònù mẹ́ta, àwọn nìyí. Èmi ni ọkùnrin náà."

Ìfẹ́táyọ̀ gba máíkì. Ó fi èdè Ítálì sọ pé, "Olóyè ní inú òun dùn láti wà níbí, ìwé náà sì dára."

Gbólóhùn kan ṣoṣo fún gbogbo ìyẹn? Olóyè kò gbọ́ èdè Ítálì púpọ̀, ṣùgbọ́n ó mọ bí iyì ṣe ń gùn tó. Ó yí ojú sí i. "Ìfẹ́táyọ̀, má dín mi kù." Ó gba máíkì lọ́wọ́ rẹ̀, ó fi ìka gún àyà ara rẹ̀. "Sono io!" ó wí. "Quello del libro, sono io!" Èmi ni. Ẹni inú ìwé, èmi ni.

Gbogbo ojú yí sí i. Ẹ rántí pé àwọn ìyá àgbà yìí ti ka ìwé náà tán, àwọn mìíràn lẹ́ẹ̀mejì.

Tíolúwaní bo ojú rẹ̀. "Papà, siediti," ó wí jẹ́jẹ́. Jókòó, bàbá.

Livia Zanellato dìde nídìí ẹ̀rọ ìpaná. "Ẹ jọ̀ọ́, èmi fúnra mi ló ṣẹ̀dá ọkùnrin yẹn. Mi ò mọ̀ yín rí. Ṣé ẹ ti kà á tán?"

Ìfẹ́táyọ̀ túmọ̀ èyí bó ṣe rí, kò yọ nǹkan kan níbẹ̀.

"Ẹ̀ẹ̀mẹta," ni Olóyè wí, ó sì fi ìka mẹ́ta hàn wọ́n.

Obìnrin kan tó fi gíláàsì sí orí na ọwọ́ láti ìlà kejì. Signora Marta ni, òun ló ń jókòó sójú fèrèsé anagrafe. Ó ní ìbéèrè kékeré ni tòun, torí òun fẹ́ràn orí kẹfà, ibi tí ọlọ́pàá ti bá orúkọ lẹ́nu ọ̀nà. "Ènìyàn mélòó ló ń gbé nílé yín?"

Ẹ̀yin ará ilé, ẹ mọ ohun tó wà nínú ọ̀rọ̀ yìí létí ọmọ Yorùbá. Ilé tó kún ni ilé ọlá. Ẹni tí agbo ilé rẹ̀ bá gbòòrò, òun ló ga. Kò sí ọba tó máa sọ pé ènìyàn mẹ́ta ló wà láàfin òun. Ìfẹ́táyọ̀ túmọ̀ ìbéèrè náà, ó sì fi kún un ní kíákíá, "Sà, ẹ ní mẹ́ta. Ẹ jọ̀ọ́ sà, mẹ́ta ni kí ẹ wí."

Olóyè wò ó bí ẹni tó ní kó wá fi ìhòòhò jó. Ó nàró, ó ṣán agbádá rẹ̀ séjìká. "Diciassette," ó wí. Mẹ́tàdínlógún. Àwọn ará Torino pàtẹ́wọ́. Ó bá tún un wí. "Diciassette! Ilé mi ni gbogbo wọn ti ń jẹun, ibẹ̀ ni wọ́n ń sùn. Secondo piano, ní Arcella, àjà kejì. Kí ẹni tó bá fẹ́ wá kà wọ́n wá."

Signora Marta sọ gíláàsì rẹ̀ kalẹ̀ sójú. "Àjà kejì," ó wí, bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀. "Yàrá méjì. Èmi ni mo kọ wọ́n, ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ọdún mẹ́fà. Kò wá sí mi lọ́kàn rí láti ròpọ̀."

"Àti àwọn lẹ́tà ńkọ́?" ìyá àgbà mìíràn béèrè. Nonna Ines ni. "Nínú ìwé, inú dúrọ́ọ̀ ni wọ́n wà."

Olóyè yọ̀ nígbà tí wọ́n túmọ̀ rẹ̀ fún un. Ìbéèrè tó mọ̀ ọ́n dáhùn nìyí. "Ìfẹ́táyọ̀, sọ fún wọn pé lẹ́tà kì í sọnù lọ́dọ̀ mi. Gbogbo rẹ̀ ló wà nínú dúrọ́ọ̀, mo ti fi kọ́kọ́rọ́ tì í. Mo ní ti oṣù kẹta níbẹ̀ pàápàá."

Nàfíù wà lẹ́yìn rẹ̀, ó di ẹ̀yìn àga mú bó ṣe máa ń ṣe. "Olóyè," ó wí, "ti ta ni ti oṣù kẹta?"

"Tìrẹ ni, èyí tó wá láti Prefettura, ìwé àṣẹ ìyàwó rẹ. Mo ń dúró de ìpàdé tó bá ní ìwọ̀n, kí n lè fún ọ pẹ̀lú iyì."

"Oṣù mẹ́fà péré ni ìwé yẹn fi ń ṣiṣẹ́, sà."

"Sùúrù ni baba ìwà."

"Ó ti kú láti oṣù kẹsàn-án." Nàfíù kò gbóhùn sókè. "Ìyàwó mi ti ta ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀. Ó ti kó jáde nílé tó háyà. Ó ń pè mí lójoojúmọ́, mò ń sọ fún un pé Ítálì ni kò tíì dáhùn."

Lẹ́yìn náà, ó gbé àga pupa náà, ó gbé e jáde, ó gbé e kalẹ̀ sórí kọ́ńkéré níta, ó sì gba ilé lọ. Olóyè kò rí i. Ó ṣe tán láti jókòó. Ó jókòó.

Mi ò ní sọ bí ó ṣe balẹ̀. Ìdí olóyè ni.

Nígbà tí wọ́n fi gbé e dìde, assessore ti gba ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìn lọ, ìwé tó fi máa kéde orúkọ rẹ̀ sì wà nínú agolo ìdọ̀tí, ó ti ká a sí mẹ́rin.

Ní àárọ̀ Mọ́ńdè, vigile méjì tẹ aago. Sìkírátù ṣílẹ̀kùn. Olóyè jáde pẹ̀lú agbádá lórí aṣọ orun, ó ní àwọn mẹ́rìnlá yòókù ti lọ síbi iṣẹ́.

"Gbogbo wọn?"

"Ọmọ Yorùbá kì í ṣe ọ̀lẹ."

Vigile wọ balùwẹ̀, ó jáde. "Búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín mẹ́ta ló wà níbẹ̀. Àwọn mẹ́rìnlá gbé tiwọn lọ síbi iṣẹ́ ni?"

Olóyè ń múra láti sọ̀rọ̀ lórí ìmọ́tótó láàárín àwọn baba ńlá wa nígbà tí Sìkírátù, tí wọn ò tíì gbóhùn rẹ̀ ní ìpàdé kankan rí, fi aṣọ nu ọwọ́. "Ọ̀gá ọlọ́pàá, àwa mẹ́ta ni," ó wí. "Ó rẹ̀ mí. Dúrọ́ọ̀ ọ̀hún nìyẹn."

Láàárín ọ̀sẹ̀ kan, lẹ́tà mẹ́ta dé, orúkọ Olóyè ló wà lára mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Onílé ní kó kó jáde. Comune ní kò sí ọ̀rọ̀ ìgbìmọ̀ mọ́. Kóòtù ní kó wá ṣàlàyé. Ìpàdé oṣù náà, ó wọlé bó ṣe máa ń wọlé, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà kí wọ́n dìde. Kò sẹ́ni tó dìde. Kí ni wọ́n máa dìde fún? Wọ́n ti pa orúkọ gbogbo wọn rẹ́ ní ilé rẹ̀, wọn ò jẹ ẹ́ ní ìyìn mọ́. Ó dúró títí ẹsẹ̀ fi ń ro ó, àwọn tó wà nínú ilé ń bá ọ̀rọ̀ wọn lọ, ẹnì kan sì ní kó jọ̀wọ́ ti ilẹ̀kùn, òtútù ń wọlé.

Ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe pa tirẹ̀ rẹ́ ni wọ́n pa ti Ìfẹ́táyọ̀ náà rẹ́. Ìyẹn ni àwọn tó ń rẹ́rìn-ín Olóyè máa ń gbàgbé: igi ńlá kì í wó kó má fọ́ ìkòkò ẹni tó sá sábẹ́ rẹ̀. Ó ku ọjọ́ méjìlá sí ti Questura. Ìfẹ́táyọ̀ kó aṣọ rẹ̀ sínú àpò kan láìmọ ibi tó ń lọ, ó sì wá jókòó ní kíṣìnì. Nonna Ines ń ro polenta, ọkà àgbàdo wọn.

"Nonna, wọ́n ti yọ orúkọ mi."

"Mo mọ̀. Ọ̀rẹ́ mi ni Marta."

"Tí mi ò bá ní residenza, mi ò ní permesso." Ọ̀rọ̀ tó kàn yìí, ọdún méjì ló fi gbé e mì. "Ṣé ẹ lè kọ orúkọ mi síbí?"

Arúgbó náà dá ọwọ́ dúró. "Ṣé kò sí níbí tẹ́lẹ̀ ni?"

"Rárá."

"Ọdún méjì lo ti ń gbé omi gun àjà kẹrin fún mi. Mo rò pé o ti ṣe é. Kí ló dé tí o ò sọ?"

"Wọ́n ní kò sí òyìnbó tó máa gbà."

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀?"

Ojú ń ti Ìfẹ́táyọ̀, kì í ṣe nítorí Olóyè, nítorí ara rẹ̀ ni. Gbogbo agbára ọkùnrin yẹn, agbádá rẹ̀, òfin kẹrin, ìbéèrè kan ṣoṣo tí ẹnikẹ́ni kò bèèrè ló gbé gbogbo rẹ̀ ró.

"Ro èyí kó má jóná," ni Nonna Ines wí, ó sì lọ wá gíláàsì rẹ̀.

Ní ọjọ́ kejì, àwọn méjèèjì dúró sójú fèrèsé Signora Marta. Signora Marta kọ orúkọ náà sílẹ̀, ó sì ka iye ẹni tó wà ní ilé náà lẹ́ẹ̀mejì sókè. Ó tún gba Ìfẹ́táyọ̀ níyànjú pé kó sọ fún àwọn yòókù tí kò ní ibi kankan: ojúlé kan wà tí comune máa ń kọ orúkọ irú wọn sí, kò sí ilé níbẹ̀, ṣùgbọ́n lẹ́tà ń dé ibẹ̀. Nàfíù ni Ìfẹ́táyọ̀ kọ́kọ́ mú lọ. Ó ti tún kọ̀wé béèrè fún ìyàwó rẹ̀, láti ìbẹ̀rẹ̀.

Olóyè, wọ́n rí i ní biblioteca. Ìwé tirẹ̀ wà lára ohun tí ọlọ́pàá kó lọ pẹ̀lú dúrọ́ọ̀, ó sì fẹ́ mọ ohun tí òun sọ pé òun jẹ́. Òṣìṣẹ́ ibẹ̀ wo kọ̀ǹpútà, ó ní ìwé náà ti gbajúmọ̀ láti ọjọ́ Sátidé yẹn, ènìyàn mẹ́tàlélógójì ló wà níwájú rẹ̀ lórí ìlà. Olóyè béèrè bóyá wọ́n mọ ẹni tí òun jẹ́. Ó ní àwọn mọ̀, nọ́mbà kẹrìnlélógójì.

Ọjọ́ kẹrìnlélógún oṣù náà ni vigile dé ilé Nonna Ines, agogo méje àárọ̀. Ìfẹ́táyọ̀ ló ṣílẹ̀kùn, ìyẹ̀fun wà lọ́wọ́ rẹ̀. Vigile wo yàrá, ó wo bẹ́ẹ̀dì tí wọn ò tíì tẹ́, ó wo òògùn irun lórí fèrèsé.

"Ó ti pẹ́ tó tí o ti ń gbé níbí?"

Nonna Ines kò jẹ́ kí Ìfẹ́táyọ̀ dáhùn. Ó yọjú láti kíṣìnì, ó mú ìgbálẹ̀ dání. "Ó ti pẹ́ tó láti mọ̀ pé a kì í fi bàtà tó tutù wọ ilé mi," ó wí. "Òun ló nu ilẹ̀ yẹn láàárọ̀ yìí. Bọ́ bàtà rẹ, kó o tó kọ nǹkan kan."

Vigile bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó tú okùn bàtà rẹ̀. Ìfẹ́táyọ̀ lọ mú sìlípáàsì wá fún un.